Ẹni Tó Bá Fẹ́ Ya Fíìmù Wa, Àwa Ni Kó Kọ́kọ́ Fi Hàn

  

Ọ̀rọ̀ owó ìpín àti owó yíyá tí mo máa ń kọ sí ojú ewé yìí, ẹ̀yìn ìwé ni mo gbé e sí lóṣù yìí. Ẹni tí kò bá tíì san ti oṣù tó kọjá, kó jọ̀wọ́ yẹ ibẹ̀ wò. Ọ̀rọ̀ mìíràn ló wà lọ́kàn mi, ọ̀rọ̀ tó dá àríyànjiyàn sílẹ̀ ní ìpàdé gbogbogbòò wa, tí a fi túká láìparí rẹ̀.

Ẹ ó rántí pé ọ̀dọ́mọkùnrin kan wá bá wa níbẹ̀. Ó kí àwọn àgbà, ó dọ̀bálẹ̀, ó ní òun fẹ́ ya fíìmù nípa ọ̀rọ̀ kíkó ọjà wa lọ sí ìta ìlú tó ń lọ lọ́wọ́ yìí. Kì í ṣe eré orí ìtàgé ló fẹ́ ṣe o. Irú fíìmù tí kò sí òṣèré nínú rẹ̀ ni, tó jẹ́ pé ohun tó ń ṣẹlẹ̀ gan-an ni wọ́n ń yà. Ó ní bí àwọn aláṣẹ bá rí i, ọkàn wọn lè yí padà. Kò tíì sọ ọ́ tán tí ariwo fi ta. Àwọn kan ní "A ò fẹ́!" Àwọn kan ní "Ẹ lé e jáde!" Ìyá wa kan tó ń ta èlùbọ́ dìde, ó ní kámẹ́rà tó wọ ọjà yìí lẹ́ẹ̀kan rí, ẹ̀sín ló fi wá ṣe.

Òótọ́ ni màmá sọ. Ní bí ọdún mẹ́ta sẹ́yìn, lásìkò òjò, àwọn kan gbé kámẹ́rà wá. Wọ́n ní àwọn fẹ́ fi ojú ọ̀nà ọjà wa han ayé kí wọ́n lè bá wa ṣe gọ́tà. A gbà wọ́n tọwọ́ tẹsẹ̀, a tún ra ohun mímu fún wọn. Wọ́n yà wá tán, wọ́n lọ, a ò gbúròó wọn mọ́. Nígbà tó ṣe, fíìmù náà bẹ̀rẹ̀ sí í lọ káàkiri lórí fóònù. Kí la rí? Ọmọ ẹgbẹ́ wa kan tó ń san owó ìpín rẹ̀ déédéé, tó fi òwò ata rán ọmọ mẹ́ta lọ sí ilé ìwé gíga, òun ni wọ́n fi hàn níbi tó jókòó lẹ́bàá ẹrẹ̀, tó fi agbọ̀n borí nítorí òjò. Wọ́n wá kọ ọ́ sábẹ́ àwòrán náà pé òtòṣì ni. Ohun tó bá wọn sọ fún bí ìdajì wákàtí, wọn ò fi ẹyọ kan síbẹ̀. Àwọn ọmọ ilé ìwé wá ń pe ọmọ-ọmọ rẹ̀ ní ọmọ ìyá ẹlẹ́rẹ̀. Gọ́tà ńkọ́? Ẹrẹ̀ náà ló ṣì wà níbẹ̀ yẹn.

Nítorí náà, mi ò bá ẹnikẹ́ni wí pé ó pariwo. Ẹni tí ejò bá ti bù ṣán rí, bó bá rí ekòló, á sá. Ṣùgbọ́n gẹ́gẹ́ bí akọ̀wé yín, èrò tèmi ni pé kí a má lé ọ̀dọ́mọkùnrin yìí. Àdéhùn ni kí a gbé síwájú rẹ̀. Bó bá gbà á, kó wọlé. Bí kò bá gbà á, kó máa lọ ní àlàáfíà. Kí ẹ má baà sọ pé inú ara mi ni mo ti mú un jáde, ẹ jẹ́ kí n sọ ìtàn àwọn apẹja kan fún yín. Àwọn náà, wọ́n fẹ́ kó wọn kúrò níbi tí wọ́n ti ń jẹ, fíìmù sì wà lára ohun tó gbà wọ́n.

Orílẹ̀-èdè Kánádà ni ó ti ṣẹlẹ̀, ní agbègbè Newfoundland tó wà létí òkun Àtìláńtíìkì. Erékùṣù kan wà níbẹ̀ tó ń jẹ́ Fogo. Ní 1967, bí ẹgbẹ̀rún márùn-ún ènìyàn ló ń gbé orí rẹ̀, ní ìletò bíi mẹ́wàá. Ẹja ni wọ́n ń pa jẹun, pàápàá èyí tí wọ́n ń pè ní cod. Ẹ̀yin tí ẹ ń ta ẹja gbígbẹ, ẹ mọ ẹja yìí dáadáa. Òun ni àwọn ará Norway máa ń sá títí yóò fi le bí igi, tó ń dé ọjà wa, tí àwọn ará wa Ìbò ń pè ní okporoko.

Ẹ wo irú ìyà tó ń jẹ àwọn apẹja yìí. Láti ayé àwọn baba ńlá wọn, oníṣòwò ló ń fún wọn ní àwọ̀n, iyọ̀ àti oúnjẹ láwìn. Bí wọ́n bá pa ẹja tán, ẹja ni wọ́n fi ń san gbèsè. Oníṣòwò yìí kan náà ló ń dá iye lé àwìn, òun náà ló tún ń dá iye lé ẹja. Apẹja lè ṣiṣẹ́ títí kó darúgbó kó má fojú kan owó tó nípọn. Ṣé èyí ò jọ ti àwọn bàbá wa àgbẹ̀ kòkó, tí wọ́n ń gba owó lọ́wọ́ alágbàtà kí kòkó tó so, tí alágbàtà á sì wá dá iye tó bá wù ú? Irú ìyà bẹ́ẹ̀ wà lára ohun tó mú kí ẹgbẹ́ àfọwọ́sowọ́pọ̀ àwọn àgbẹ̀ gbilẹ̀ nílẹ̀ wa, láti ìgbà tí òfin rẹ̀ ti jáde ní 1935.

Nígbà tó fi di àwọn ọdún 1960, àwọn oníṣòwò ọ̀hún ti ń kó kúrò ní Fogo. Ọkọ̀ àwọn apẹja kéré, kò lè lọ jìnnà, bẹ́ẹ̀ ni àwọn ọkọ̀ ńláńlá láti ilẹ̀ òkèèrè ń kó ẹja lójú agbami. Ọ̀pọ̀ ìdílé ló wá ń jẹun lórí owó ìrànwọ́ ìjọba. Ìjọba Newfoundland, tí Joseph Smallwood jẹ́ olórí rẹ̀, ní oògùn kan tó ń lò fún irú ìletò bẹ́ẹ̀: kí wọ́n kó wọn kúrò, kí wọ́n lọ máa gbé ibi tí iléèwé, dókítà àti iṣẹ́ bá wà. Láàárín 1954 sí 1975, ìletò bí 300 ló di ahoro lọ́nà yìí, àwọn ènìyàn bí 30,000 ló fi ilé baba wọn sílẹ̀. Láti 1965, ìdílé kọ̀ọ̀kan tó bá kó ń gba 1,000 dọ́là, wọ́n á sì fi 200 dọ́là lé e fún ẹnì kọ̀ọ̀kan nínú ilé. Àwọn ará Fogo wá ń wò ó pé ọ̀rọ̀ náà ti kàn wọ́n.

Ohun kan tún wà tó le ju àìlówó lọ. Wọn ò gbọ́ ara wọn. Ìletò kan ò mọ ohun tó ń lọ ní ìletò kejì. Ìjọ ti pín wọn: ti Áńgílíkà lọ́tọ̀, ti Kátólíìkì lọ́tọ̀, ti United Church lọ́tọ̀, kálukú pẹ̀lú iléèwé tirẹ̀. Wọ́n ti dá ìgbìmọ̀ kan sílẹ̀ fún ìlọsíwájú erékùṣù náà, ṣùgbọ́n ọwọ́ ìgbìmọ̀ ọ̀hún ò tíì ká a. Ìṣòro kan náà ló ń bá gbogbo wọn fínra, síbẹ̀ ìletò kọ̀ọ̀kan rò pé òun nìkan ni òun wà nínú rẹ̀.

Ọkùnrin kan wà tó ń jẹ́ Donald Snowden, ọ̀gá ẹ̀ka tó ń bá ará ìlú ṣiṣẹ́ ní Yunifásítì Memorial ti Newfoundland. Ní 1965, ìgbìmọ̀ ètò ọrọ̀ ajé Kánádà gbé ìwé kan jáde nípa òṣì. Inú Snowden ò dùn sí i, nítorí owó ni wọ́n fi wọn òṣì. Lójú tirẹ̀, ẹni tí ìròyìn kì í dé ọ̀dọ̀ rẹ̀, tí ohùn tirẹ̀ náà kì í sì í dé ọ̀dọ̀ aláṣẹ, òtòṣì ni. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ tún gbólóhùn yẹn kà.

Ní 1967 náà, National Film Board, iléeṣẹ́ fíìmù ti ìjọba Kánádà, bẹ̀rẹ̀ ètò kan tí wọ́n pè ní Challenge for Change, láti fi fíìmù bá òṣì jà. Fíìmù kan tó ṣáájú iṣẹ́ yìí kọ́ wọn lọ́gbọ́n. Orúkọ rẹ̀ ni The Things I Cannot Change, Tanya Ballantyne ló ṣe é, nípa ìdílé tálákà kan ní ìlú Montreal. Wọ́n gbé e jáde lórí tẹlifíṣọ̀n, ọ̀pọ̀ ènìyàn ló wò ó, àánú ṣe wọ́n. Ṣùgbọ́n ìdílé tí wọ́n yà ńkọ́? Àwọn aládùúgbò bẹ̀rẹ̀ sí í fi wọ́n ṣe yẹ̀yẹ́, ìtìjú bò wọ́n. Ẹni tó ṣe fíìmù náà ò ní èrò ibi lọ́kàn. Àánú ló bá lọ síbẹ̀. Ṣé ẹ rí i pé ohun tó ṣe ọmọ ẹgbẹ́ wa lọ́jọ́sí, ó ti ṣe ẹlòmíràn rí nílẹ̀ òyìnbó? Kì í ṣe pé kámẹ́rà burú. Ohun tó burú ni kí wọ́n ya ènìyàn, kí wọ́n gbé e lọ, kí ẹni tí wọ́n yà má ní ọ̀rọ̀ kankan í sọ sí i mọ́.

Ẹni tí iléeṣẹ́ náà rán lọ sí Fogo ni Colin Low. Ògbóǹtarìgì ni nínú iṣẹ́ fíìmù, wọ́n ti mọ̀ ọ́n fún un kó tó dé ibẹ̀. Kò kàn já wọ ìletò kó bẹ̀rẹ̀ sí í yà. Fred Earle, òṣìṣẹ́ Yunifásítì Memorial tó jẹ́ ọmọ agbègbè náà, tó ti ń bá wọn ṣiṣẹ́ tipẹ́, ló mú un wọlé. Low gba àyè lọ́wọ́ ẹnì kọ̀ọ̀kan kó tó yà á. Lẹ́yìn tó bá yà á tán, ẹni náà ló kọ́kọ́ ń fi í hàn. Bí ẹni náà bá ní kí wọ́n yọ ibì kan, wọn a yọ ọ́.

Fíìmù kéékèèké 27 ló ṣe níbẹ̀. Ọ̀nà tó gbà ṣe wọ́n ló ṣe pàtàkì jù fún wa. Ẹ mọ̀ pé àwọn tó ń ya fíìmù máa ń gé ọ̀rọ̀ Táíwò, wọn a lẹ̀ ẹ́ mọ́ ọ̀rọ̀ Kẹ́hìndé, títí yóò fi dà bíi pé ìjà ni àwọn méjèèjì ń jà. Low kọ̀ ọ́. Ó fi ọ̀rọ̀ ẹnì kọ̀ọ̀kan sínú fíìmù tirẹ̀ lọ́tọ̀, láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Ọ̀kan wà tó ń jẹ́ Billy Crane Moves Away, níbi tí apẹja kan ti ń ṣàlàyé ìdí tí òun fi ń fi ìlú sílẹ̀ lọ wá iṣẹ́ ní Toronto, tó sì ń sọ fún ìjọba lójú ayé ibi tí wọ́n ti kùnà nínú ọ̀rọ̀ ẹja. Òmíràn jẹ́ ti àwọn obìnrin, wọ́n ń sọ ìgbésí ayé wọn. Òmíràn jẹ́ ti apẹja tó ń kọ orin tó fúnra rẹ̀ hun. Òmíràn, eré ọmọdé ni. Mo ti jókòó wo díẹ̀ nínú wọn lórí íntánẹ́ẹ̀tì, ọ̀fẹ́ ni iléeṣẹ́ náà fi wọ́n síbẹ̀. Ohun tó yà mí lẹ́nu ni pé mi ò rí òtòṣì níbẹ̀. Ènìyàn ni mo rí, tó mọ iṣẹ́ rẹ̀, tó mọ ohun tó ń dùn ún, tó sì mọ bí yóò ṣe sọ ọ́.

Lẹ́yìn náà ni wọ́n gbé àwọn fíìmù yìí kiri orí erékùṣù náà, láti ìletò dé ìletò. Gbogbo ènìyàn á jókòó, wọ́n á wò ó, iná á tàn, ọ̀rọ̀ á bẹ̀rẹ̀. Ará ìletò kan á gbọ́ ohun tí ará ìletò kejì, tí ìjọ wọn ò pọ̀, ń sọ, á wá rí i pé ọ̀rọ̀ tòun gan-an ni. Ohun tí ènìyàn ò lè wí lójú ẹnìkejì kí ìjà má ṣẹlẹ̀, ó ti wí i nínú fíìmù, onítọ̀hún sì ti gbọ́ ọ láìbínú. Bí wọ́n ṣe bẹ̀rẹ̀ sí í gbọ́ ara wọn nìyẹn.

Nígbà tí wọ́n ti gbọ́ ara wọn tán ni wọ́n tó gbé e lọ sọ́dọ̀ ìjọba ní St. John's. Mínísítà tó ń bójú tó ọ̀rọ̀ ẹja nígbà náà, Aidan Maloney, wò ó, ó fèsì. Wọ́n ya èsì rẹ̀ náà, wọ́n gbé e padà wá han àwọn ará Fogo. Ẹ gbọ́ o: ẹjọ́ lọ, èsì dé. Kì í ṣe pé wọ́n kọ lẹ́tà, kí wọ́n máa retí títí. Mínísítà gbọ́ ohùn apẹja, apẹja gbọ́ ohùn mínísítà, kò sí alágbàtà ọ̀rọ̀ láàárín.

Kí ni ìgbẹ̀yìn rẹ̀? Wọn ò kó Fogo kúrò. Àwọn apẹja fi ẹgbẹ́ àfọwọ́sowọ́pọ̀ lélẹ̀ ní 1967, wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í kan ọkọ̀ tó tóbi tó lè lọ jìnnà, wọ́n sì gba iṣẹ́ ẹja tí àwọn oníṣòwò ti pa tì sọ́wọ́ ara wọn. Ní 1972, iléèwé gíga kan ṣoṣo fún gbogbo ọmọ erékùṣù náà dé, ọmọ Kátólíìkì àti ọmọ Áńgílíkà lórí ìjókòó kan náà. Nígbà tí ẹja cod tán lómi, tí ìjọba Kánádà fi ka pípa rẹ̀ léèwọ̀ ní 1992, ìyà jẹ gbogbo Newfoundland; ó di 2024 kí wọ́n tó tú u sílẹ̀. Ẹgbẹ́ àwọn ará Fogo yí sí akàn àti edé, kò wó. Ó wà títí di òní, Fogo Island Co-operative Society lórúkọ rẹ̀, àwọn ọmọ ẹgbẹ́ ló sì ni ilé iṣẹ́ ẹja wọn.

Mi ò ní fi irọ́ lé òtítọ́ lórí o. Kì í ṣe fíìmù ló dá ẹgbẹ́ yẹn sílẹ̀. Ìgbìmọ̀ wọn ti ń sọ ọ́ kí kámẹ́rà tó dé, Fred Earle sì ti ń rìn láti ilé dé ilé nítorí rẹ̀. Bẹ́ẹ̀ ni Fogo kò di ọ̀run rere. Àwọn ọmọ wọn ṣì ń lọ wá iṣẹ́ níbòmíràn, àwọn tó ń gbé ibẹ̀ báyìí lé díẹ̀ ní 2,000, kò tó ìdajì iye tó wà lọ́jọ́sí. Ṣùgbọ́n àwọn tó kù, ẹsẹ̀ ara wọn ni wọ́n fi ń kúrò, kì í ṣe pé ẹnìkan fi owó tì wọ́n jáde.

Ẹ jẹ́ kí a fi èyí wé fíìmù tí wọ́n gbé wá sílẹ̀ tiwa. William Sellers, òyìnbó òṣìṣẹ́ ìlera, ló ń fi fíìmù kọ́ àwọn ará Èkó nípa àjàkálẹ̀ àrùn tí eku ń gbé kiri. Nígbà tí ìjọba Gẹ̀ẹ́sì dá iléeṣẹ́ fíìmù sílẹ̀ ní 1939 fún àwọn ilẹ̀ tó wà lábẹ́ wọn, òun ni wọ́n fi ṣe olórí. Mọ́tò sinimá wá ń ti ìlú dé ìlú, àwọn àgbà wa á ta ẹní sí gbangba, wọ́n á wò ó. Kì í ṣe pé ẹ̀kọ́ náà ò dára. Ó gba ẹ̀mí là. Ṣùgbọ́n ẹnu ìjọba nìkan ló ń sọ̀rọ̀, etí nìkan ni wọ́n bá wa wá. Kò sẹ́ni tó béèrè pé, ẹ̀yin ará ibí, kí lẹ rí sí i? Ìyàtọ̀ tó wà láàárín fíìmù méjèèjì nìyẹn. Ọ̀kan ń bá ènìyàn sọ̀rọ̀. Èkejì, ènìyàn ló ń sọ̀rọ̀ nínú rẹ̀. Èyí èkejì yìí ni kí a béèrè fún.

Ó yá, ẹ jẹ́ kí a padà sí ọjà wa. Ṣé àwa náà gbọ́ ara wa? Ẹ má bínú sí mi. Ìsọ̀ oníṣu kì í wá sí ìpàdé aláṣọ. Àwọn aláta ní ẹgbẹ́ tiwọn, àwọn ẹlẹ́ran ní tiwọn. Nígbà tí ìwé kíkó ọjà dé, àwọn aláṣọ sọ pé bóyá ibi tuntun yóò gbé pẹ́tẹ́ẹ̀sì; àwọn aláta sọ pé owó mọ́tò nìkan yóò jẹ èrè wọn tán; àwọn kan ti ń lọ gba àyè ní kọ̀rọ̀. Aláṣẹ tó bá fẹ́ kó wa, kò ní í ṣe wàhálà. Igi tó bá dá dúró ni afẹ́fẹ́ ń wó. Mo gbà pé bí aláṣọ bá jókòó wo aláta níbi tó ti ń ṣírò owó ọkọ̀ rẹ̀, láti àárọ̀ kùtùkùtù tó ti ń re oko, títí dé ìgbà tí ata tó kù bá bà jẹ́ mọ́ ọn lọ́wọ́, ọ̀rọ̀ tí yóò sọ ní ìpàdé yóò yàtọ̀. Ìdí nìyẹn tí mo fi fẹ́ fíìmù yìí. Kí aláṣẹ tó rí wa, ẹ jẹ́ kí a kọ́kọ́ rí ara wa.

Àdéhùn tí mo dábàá pé kí ìgbìmọ̀ kọ sílẹ̀, kí ọ̀dọ́mọkùnrin náà fọwọ́ sí i níwájú alága àti ìyálọ́jà, nìyí:

Èkínní, kó gba àyè lọ́wọ́ ẹnì kọ̀ọ̀kan kó tó yà á. Ẹni tó bá ní òun ò fẹ́, kí ó rékọjá ìsọ̀ rẹ̀, kò sí ìbínú.

Èkejì, ẹni tó bá yà, òun ni kó kọ́kọ́ fi í hàn. Ohun tí onítọ̀hún bá ní kí wọ́n yọ, kó yọ ọ́. Kó má sì kọ ohunkóhun sábẹ́ àwòrán ẹnikẹ́ni tí ẹni náà ò mọ̀ sí.

Ẹ̀kẹta, kó má gé ọ̀rọ̀ ẹnìkan fi na ẹlòmíràn. Kí kálukú sọ tirẹ̀ tán.

Ẹ̀kẹrin, inú ọjà yìí ni kó ti kọ́kọ́ fi gbogbo rẹ̀ hàn, ní ìsọ̀ kọ̀ọ̀kan, kí ó tó dé ọwọ́ ẹnikẹ́ni níta, kí ó tó dé orí fóònù ẹnikẹ́ni.

Ẹ̀karùn-ún, nígbà tí a bá gbé e lọ sọ́dọ̀ àwọn aláṣẹ, kó ya èsì wọn náà, kó gbé e padà wá fún wa.

Ẹ̀kẹfà, kí ẹ̀dà kan wà nínú àpótí ẹgbẹ́, kí ó má sì fi ojú wa tọrọ owó lọ́dọ̀ ẹnikẹ́ni láìsí ìmọ̀ ìgbìmọ̀.

Mo mọ ohun tí ẹlòmíràn yóò sọ. Yóò ní, bí ẹni tí wọ́n yà bá lè ní kí wọ́n yọ ọ̀rọ̀ kúrò, ṣé òtítọ́ ò ní bọ́ sọnù? Èmi ò rò bẹ́ẹ̀. Ẹni tó bá mọ̀ pé ọ̀rọ̀ òun ò ní di ẹ̀sín, òun gan-an ló máa tú ikùn rẹ̀. Ẹni tí ẹ̀rù bá ń bà, "a dúpẹ́, kò burú" náà ni yóò máa wí lójú kámẹ́rà. Ẹlòmíràn yóò ní, àwọn aláṣẹ wa kì í wo fíìmù, wọn ò ní dáhùn. Ó lè rí bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n bí wọn ò tilẹ̀ wò ó, àwa á ti wò ó. A ó ti mọ ohun tí ọjà wa lápapọ̀ ń fẹ́, a ó sì lọ bá wọn pẹ̀lú ohùn kan. Àgbájọ ọwọ́ la fi ń sọ̀yà.

Mo tún fẹ́ kìlọ̀ fún àwa tí a fẹ́ fíìmù yìí. Kámẹ́rà kì í ṣe ìpàdé, fíìmù kì í san owó ìpín. Bí a bá wò ó tán tí a pàtẹ́wọ́, tí kálukú padà sí ìsọ̀ rẹ̀, a ò ṣe nǹkan kan. Àwọn ará Fogo wò ó tán, wọ́n jókòó, wọ́n da owó pọ̀, wọ́n kan ọkọ̀. Ohun tí àwa náà yóò kàn tiwa fi jẹ́, ẹ jẹ́ kí a bẹ̀rẹ̀ sí í rò ó láti ìsinsìnyí.

Mo ti lọ bá ọmọ ẹgbẹ́ wa tí wọ́n fi ṣe ẹ̀sín lọ́jọ́sí, mo sọ àdéhùn mẹ́fẹ̀ẹ̀fà fún un lọ́kọ̀ọ̀kan. Ó dákẹ́ fún ìgbà díẹ̀, ó ń ṣa ata rẹ̀. Ó wá ní, "Akọ̀wé, bó bá jẹ́ pé wọ́n kọ́kọ́ fi hàn mí nígbà yẹn ni, mi ò bá ní kí wọ́n dúró kí n lọ múra." Ó rẹ́rìn-ín, ó tún ní, "Bí èyí bá fọwọ́ sí ìwé, ìsọ̀ mi ni kó ti bẹ̀rẹ̀."

Ẹ̀yin ọmọ ẹgbẹ́, ọ̀rọ̀ yìí ni yóò ṣáájú ní ìpàdé gbogbogbòò wa tó ń bọ̀, a ó sì dìbò lé e lórí. Kí ìsọ̀ kọ̀ọ̀kan rán ènìyàn wá, kí ẹnikẹ́ni má sọ pé òun ò gbọ́. Bí ẹ bá gbà á, mo ti ní bírò àti bébà lọ́wọ́. Bí ẹ bá kọ̀ ọ́, ìfẹ́ ọ̀pọ̀ ni ti ẹgbẹ́, n ó kọ ìyẹn náà sílẹ̀.

Ire o.

Akọ̀wé Ẹgbẹ́